Raoul Coutard: oníkámẹ́rà tí fọ́tò kọ́

Ẹ béèrè bí Raoul Coutard ṣe ya òpópónà Paris lálẹ́ nínú À bout de souffle, sinimá tí Jean-Luc Godard darí, láìgbé iná ńlá jáde, àti pé ṣé lóòótọ́ ló tún máa ń kọ sinimá. Ibì kan náà ni ìdáhùn méjèèjì ti wá: fọ́tò ló kọ́, kò kọ́ sinimá. Ogun Indochina, ìyẹn Vietnam àti agbègbè rẹ̀, ló ti ń ya fọ́tò. Nígbà tí wọ́n pè é sí sinimá La Passe du diable, tó jáde ní 1958, ó rò pé fọ́tò náà ni wọ́n ní kóun wá yà.

Ẹ kọ́kọ́ wo fíìmù tó kì bọ kámẹ́rà nígbà À bout de souffle. Ilford HPS ni, 400 ASA (ìwọ̀n bí fíìmù ṣe ń tètè gba ìmọ́lẹ̀ sí), ọjà àwọn ayafọ́tò. Mítà 17.5 péré ni róòlù kan, bẹ́ẹ̀ sinimá ń jẹ nǹkan bíi mítà 27 ní ìṣẹ́jú kan. Ìṣẹ́jú àáyá 38, ó tán. Wọ́n wá ń so róòlù mọ́ra wọn, inú òkùnkùn sì ni, torí fíìmù tí a kò tíì yà kò gbọ́dọ̀ rí ìmọ́lẹ̀. Ihò etí fíìmù fọ́tò kò bá ti sinimá mu, kámẹ́rà Mitchell kì í gbà á. Cameflex, kámẹ́rà ilé iṣẹ́ Éclair, gbà á. Wọ́n tún fi omi tó ní kẹ́míkà Phenidone fọ̀ ọ́ kí àwòrán lè yọ, agbára rẹ̀ di 800 ASA. Àmọ́ àwòrán á hu hóró bí iyanrìn, Cameflex sì ń pariwo gan-an, ẹ̀yìn ìgbà tí wọ́n yà á tán ni wọ́n fi ohùn sí i. Ẹ má rò pé ẹ lè fara wé e kẹ́ ẹ sì gba ohùn lójú ẹsẹ̀.

Kẹ̀kẹ́ aláàbọ̀ ara ni Coutard jókòó sí bó ṣe ń ya àwòrán, Godard ń tì í. Bí ilẹ̀ bá rí págunpàgun, ẹ dín atẹ́gùn táyà kù.

Nínú ilé, ó máa ń dojú iná kọ àjà. Ìmọ́lẹ̀ á já wálẹ̀, á tẹ́ káàkiri, òṣèré á sì rìn síbi tó wù ú. Àjà funfun ni o! Bẹ́ ẹ bá ń lo fíìmù aláwọ̀, àjà tí wọ́n kùn ní àwọ̀ ewé á sọ ojú òṣèré di ti aláìsàn.

Ní ti kíkọ, Vietnam ló padà sí. Òun ló kọ sinimá Hoa-Binh (1970) látinú ìwé ìtàn Françoise Lorrain, òun náà ló darí rẹ̀, wọ́n sì yà á níbẹ̀ nígbà tógun ṣì ń lọ. Ọmọkùnrin kékeré kan tó ń tọ́jú àbúrò rẹ̀ obìnrin ló gbé ìtàn náà lé léjìká, Coutard kò sì fi àwòrán ẹlẹ́wà bo ìṣẹ́ mọ́lẹ̀. Sinimá náà gba ẹ̀bùn Jean Vigo, ẹ̀bùn sinimá ilẹ̀ Faransé. La légion saute sur Kolwezi tó darí ní 1980 kò tó o rárá, lójú tèmi. César, ẹ̀bùn sinimá ilẹ̀ Faransé mìíràn, tí Coutard gbà ní 1978, fún Le Crabe-tambour, iṣẹ́ kámẹ́rà ni wọ́n fi fún un.