Nọ́ọ̀sì tó ní ILR: ṣé ó lè díje sí Ilé Aṣòfin Gẹ̀ẹ́sì?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Nọ́ọ̀sì ni mí ní Leeds. Páṣípọ́ọ̀tù Nàìjíríà ni mo ṣì ń lò, ṣùgbọ́n mo ti gba ILR, ìyẹn àṣẹ láti máa gbé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láìní gbèdéke. Ó wù mí kí n díje sí Ilé Aṣòfin ní London. Ṣé dandan ni kí n kọ́kọ́ di ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì? Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Ìdáhùn: Kì í ṣe dandan. Nàìjíríà wà nínú Commonwealth, òfin ọdún 2006 sì gba ọmọ Commonwealth tó ti pé ọdún 18, tó sì ní ILR, láàyè láti díje. Ẹni tó ṣì wà lórí físà iṣẹ́ lè dìbò, ṣùgbọ́n kò lè díje. Orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀ (Benin Republic) ò sí nínú Commonwealth, nítorí náà àwọn ará wa láti Kétu tàbí Pọ̀tọ̀nóvò ní láti kọ́kọ́ gba ìwé ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ná. Ẹ kíyè sí i pé bí ẹ bá kúrò nílùú fún ohun tó ju ọdún méjì lọ, ILR yín lè bọ́.

Iṣẹ́ nọ́ọ̀sì ò dí yín lọ́wọ́. Ọlọ́pàá, ológun àti adájọ́ wà lára àwọn tí òfin ní kí wọ́n fiṣẹ́ sílẹ̀ kí wọ́n tó lè díje. Ẹ wo Sojan Joseph: Kerala ní India ni wọ́n ti bí i, ó dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 2001, ó ṣe nọ́ọ̀sì àwọn alárùn ọpọlọ ní Kent, ó di káńsẹ́lọ̀ (aṣojú ní ìjọba ìbílẹ̀) ní Ashford, ó sì wọlé sí Ilé Aṣòfin lábẹ́ ẹgbẹ́ Labour ní Oṣù Keje 2024. Damian Green tó ti wà lórí àga náà láti 1997 ló lé kúrò, ibo 1,779 péré ló sì fi jù ú lọ.

Ipò káńsẹ́lọ̀ yẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ lé. Ní England, ibuwọ́lù ẹni méjì ló gbà, ẹ ò sì ní fi owó kankan sílẹ̀. Níbẹ̀ ni ẹ ó ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń kan ilẹ̀kùn onílé láti wá ibo. Ẹ wọ ẹgbẹ́ òṣèlú kan nísinsìnyí, torí àwọn ẹgbẹ́ kì í sábà fa ọmọ ẹgbẹ́ tuntun kalẹ̀.

Tí ìdìbò gan-an bá dé, àkókò kì í tó. Ní 2024, ọjọ́ 22 Oṣù Karùn-ún ni wọ́n kéde ìdìbò, gbígba fọ́ọ̀mù ìdíje sì ti parí ní agogo mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ 7 Oṣù Kẹfà. Ẹ nílò ibuwọ́lù ẹni mẹ́wàá tí orúkọ wọn wà nínú ìwé olùdìbò ẹkùn ìdìbò tí ẹ fẹ́ ṣojú, àti £500 tí ẹ ó gbà padà bí ibo yín bá kọjá ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún. Ibuwọ́lù ni nǹkan ti sábà máa ń bàjẹ́: ọ̀rẹ́ tó buwọ́ lù lè máa gbé òdì kejì títì, kó jẹ́ ẹkùn mìíràn. Ó sì lè ti buwọ́ lùwé olùdíje mìíràn ṣáájú tiyín. Mẹ́wàá àkọ́kọ́ lórí ìwé nìkan ni wọ́n ń kà, ìkọkànlá ò lè gba ẹnikẹ́ni sílẹ̀. Ẹ ṣe fọ́ọ̀mù kejì pẹ̀lú àwọn ẹlòmíràn, kí ẹ sì gbé méjèèjì lọ sí ọ́fíìsì ìdìbò fún àyẹ̀wò kí ọjọ́ tó pé. Ẹ má gbàgbé ìwé àṣẹ ẹgbẹ́. Láìsí i, ẹ ò lè kọ orúkọ ẹgbẹ́ sí fọ́ọ̀mù.

Ọ̀rọ̀ owó ló ń bà mí lẹ́rù jù fún àwọn èèyàn wa. Ọrẹ tó bá ju £50 lọ gbọ́dọ̀ wá láti ọwọ́ ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà nínú ìwé olùdìbò ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tàbí àjọ tí òfin fọwọ́ sí. Ẹ̀gbọ́n yín ní Ìbàdàn ò sí nínú ìwé yẹn. Bí owó rẹ̀ bá wọ àkáǹtì, ẹ dá a padà láàárín ọjọ́ 30. Ṣọ́ọ̀ṣì tó jẹ́ àjọ aláàánú ò gbọ́dọ̀ dáwó fún olùdíje rárá, bó ti wù kí pásítọ̀ fẹ́ràn yín tó. Ẹgbẹ́ ọmọ ìlú tí kì í ṣe àjọ aláàánú, tí ọ́fíìsì àti iṣẹ́ rẹ̀ wà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, lè dá a. Ẹ kọ orúkọ àti àdírẹ́sì gbogbo ẹni tó bá fún yín lówó sílẹ̀ lọ́jọ́ náà gan-an, torí láàárín ọjọ́ 35 lẹ́yìn èsì ìdìbò, àkọsílẹ̀ ìnáwó yín gbọ́dọ̀ ti dé ọwọ́ alákòóso ìdìbò.