Pílọ́ọ̀tì kan, ìwé méjì: ìbéèrè yín lórí ilẹ̀ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù

ÌBÉÈRÈ: Olóòtú wa, ẹ kú iṣẹ́. Òwò èlùbọ́ ni mò ń ṣe ní Tákíé, nílùú Ògbómọ̀ṣọ́. Ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù wa ra éékà ilẹ̀ 6 lójú ọ̀nà Ìlọrin, wọ́n sì pín in fún àwa ọmọ ẹgbẹ́ 52, kí pílọ́ọ̀tì kọ̀ọ̀kan jẹ́ 50 ẹsẹ̀ bàtà níbùú àti 100 lóòró. Nọ́ńbà 17 ni ó wà nínú ìwé ìpín tèmi, ọdún 2019 ni wọ́n sì fún mi. Nígbà tí mo kó yanrìn débẹ̀ lóṣù tó kọjá, mo bá ìpìlẹ̀ ilé tí bàbá kan, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, ti gbẹ́ síbẹ̀. Bàbá mú ìwé tirẹ̀ jáde: nọ́ńbà 17 ni, ti ọdún 2022. Àwọn ọmọ mi ní kí n fi ọlọ́pàá mú un, akọ̀wé ẹgbẹ́ ní kí n ní sùúrù. Kí ni kí n ṣe?
Ìyá Ẹlẹ́lùbọ́, Ògbómọ̀ṣọ́

ÌDÁHÙN: Ìyá wa, mo mọ bí ó ṣe máa ń rí lára kí ènìyàn kó èrè ọjà jọ fún ọdún pípẹ́, kí ó wá bá ìpìlẹ̀ ẹlòmíràn lórí ilẹ̀ rẹ̀. Síbẹ̀, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má tíì pe bàbá náà ní olè, nítorí ó ṣeé ṣe kí ìwé ẹ̀yin méjèèjì jẹ́ ojúlówó.

Ìṣirò ni ó jẹ́ kí n sọ bẹ́ẹ̀. Éékà kan jẹ́ 43,560 ẹsẹ̀ bàtà ní ìwọ̀n ojú ilẹ̀, nítorí náà éékà 6 jẹ́ 261,360. Pílọ́ọ̀tì 50 sí 100 ń gba 5,000. Bí a bá pín in, 52 ni yóò jáde, èyí tí ó bá iye ọmọ ẹgbẹ́ yín mu rẹ́gí, kò sì sí ẹni tí ó yọ ti ojú ọ̀nà àti gọ́tà kúrò. Nígbà tí awọnlẹ̀ bá dé tí ó sì la ọ̀nà, bí ọ̀nà àti gọ́tà bá kó ìdá kan nínú mẹ́rin, pílọ́ọ̀tì 39 péré ni yóò kù, èyí tó túmọ̀ sí pé ènìyàn 13 ti sanwó fún ilẹ̀ tí kò sí. Lẹ́yìn èyí ni wọ́n sábà máa ń tún nọ́ńbà kọ, tí 17 orí àwòrán ìpín ilẹ̀ àkọ́kọ́ yóò sì yàtọ̀ sí 17 orí àwòrán kejì, èyí tí wọ́n yà lẹ́yìn tí wọ́n la ọ̀nà.

Ẹ kọ̀wé sí ìgbìmọ̀ ẹgbẹ́, kí akọ̀wé buwọ́ lu ẹ̀dà tí yóò wà lọ́wọ́ yín. Ẹ béèrè fún àwòrán méjèèjì, àkọsílẹ̀ ìpàdé tí wọ́n ti fọwọ́ sí ìpín náà, àti àkọsílẹ̀ owó tí oníkálukú san. Ẹ sì ní kí wọ́n dá iṣẹ́ dúró níbẹ̀, tiyín àti ti bàbá. Kí awọnlẹ̀ tó ní ìwé àṣẹ wá tọ́ka sí àwọn òpó sọ́fè lójú ẹ̀yin méjèèjì. Bí ó bá já sí ilẹ̀ kan náà, ẹni tí a kọ́kọ́ pín in fún, tí ó sì ti sanwó rẹ̀ pé, ni ẹ̀tọ́ rẹ̀ sábà máa ń lágbára jù, nítorí ohun tí ẹgbẹ́ ti fún ẹnì kan kò sí lọ́wọ́ ẹgbẹ́ mọ́ láti fún ẹlòmíràn. Owó tí bàbá ná sórí ìpìlẹ̀ náà, ọrùn ẹgbẹ́ ni ó yẹ kí ó wà.

Ọlọ́pàá kò lágbára láti pinnu ẹni tó ni ilẹ̀; bí ìjà bá fẹ́ bẹ́ sílẹ̀ ni iṣẹ́ tiwọn bẹ̀rẹ̀. Òfin ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù Nàìjíríà ti ọdún 1993 ní kí aáwọ̀ lórí iṣẹ́ ẹgbẹ́, láàárín àwọn ọmọ ẹgbẹ́ tàbí láàárín ọmọ ẹgbẹ́ àti ìgbìmọ̀, lọ sọ́dọ̀ olùdarí ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ti ìjọba, tí ó lè parí rẹ̀ fúnra rẹ̀ tàbí kí ó yan ẹni tí yóò gbọ́ ọ. Bí wọ́n bá kọ̀ láti dá ilé kíkọ́ dúró, ẹ tètè rí agbẹjọ́rò.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ yìí kò lè parí sórí 17 nìkan. Bí wọ́n bá ní kí a gé gbogbo pílọ́ọ̀tì kéré kí ó lè kárí, èmi kò fara mọ́ ọn, nítorí kò ní fẹ̀ tó 38 sí 100, bí a bá sì yọ àyè tí òfin ní kí a fi sílẹ̀ láàárín ilé sí ilé, ilé tóóró ni yóò kù. Éékà 2 sí i yóò gba àwọn 13 náà, tọ̀nàtọ̀nà. Kí gbogbo ẹgbẹ́ dáwó rẹ̀, kí àwọn ìgbìmọ̀ tó pín ilẹ̀ láìwọn ọ̀nà ṣíwájú, kí àwọn tí a pín fún kẹ́yìn sì lọ síbẹ̀. Ẹ má gbà kí wọ́n dìbò lórí ẹni tí yóò lọ, nítorí ìbò kò mọ ẹni tó kọ́kọ́ sanwó. Kí ìwé ilẹ̀ tuntun náà sì jẹ́ orúkọ ẹgbẹ́, kì í ṣe orúkọ alága.

ÌBÉÈRÈ: Bàbá wa kú lẹ́yìn tó sanwó pílọ́ọ̀tì rẹ̀ tán. Ẹgbẹ́ ní àwọn yóò fún ẹlòmíràn. Ṣé ó tọ́?
Ọmọ olóògbé, Ọ̀yọ́

ÌDÁHÙN: Kò tọ́. Ẹ ní kí wọ́n ṣí ìwé tí bàbá kọ orúkọ ẹni tó yàn sí nígbà tó wọ ẹgbẹ́; ẹni náà ni ẹgbẹ́ yóò bá sọ̀rọ̀. Bí kò bá yan ẹnikẹ́ni, kí ẹ̀yin ọmọ gba ìwé àṣẹ ìṣàkóso ogún ní ilé ẹjọ́ gíga, kí ẹ mú un lọ sí ẹgbẹ́ pẹ̀lú rìsíìtì gbogbo owó tí bàbá san.