Bi Ìyá Rélùwéè Léèrè: Kí Ló Dé Tí Ojú Irin Ìdógò Kò Fi Dé Pobẹ̀?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, Ìyá Rélùwéè. Olùkọ́ ni mí ní Ìlaròó. Ìyá ìyá mi máa ń sọ pé Ìdógò ni àwọn ti ń wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sí Èkó nígbà tí àwọn wà lọ́mọge, obì àti gàrí ni wọ́n sì ń kó lọ. Mo kó àwọn ọmọ kíláàsì mi lọ wò ó lẹ́nu àìpẹ́ yìí, igbó ti bo gbogbo rẹ̀. Ọmọ kan wá ní, "Àǹtí, ojú irin yìí kúkú ti sún mọ́ Bẹ̀nẹ̀, kí ló dé tí wọn ò gbé e débẹ̀ tán?" N kò rí èsì fún un. Mo sì gbọ́ pé Faransé náà ní ojú irin tó parí sí Pobẹ̀ lápá ọ̀hún. Kí ló dé tí wọn ò so méjèèjì pọ̀? — *Olùkọ́, Ìlaròó*

ÈSÌ: Olùkọ́, ẹ bá mi kí ọmọ yẹn dáadáa. Ìbéèrè tí ẹnikẹ́ni ò bi àwọn ọ̀gá wa ní Èbúté Mẹ́ta ní gbogbo ìgbà tí mo fi ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ló bi yẹn.

Ẹ má jẹ́ kí wọ́n rò pé owó ló tán lọ́wọ́ òyìnbó. Wọn ò fẹ́ kí ojú irin méjèèjì pàdé ni.

Ẹ jẹ́ ká ti ọ̀dọ̀ Faransé bẹ̀rẹ̀, nítorí àwọn ló kọ́kọ́ débẹ̀. Ọjọ́ 10 oṣù Kẹjọ ọdún 1889 ni Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì tọwọ́ bọ ìwé tí wọ́n fi la ilẹ̀ yẹn sí méjì. Pobẹ̀, Ṣakẹ́tẹ́ àti Kétu bọ́ sọ́wọ́ Faransé. Ìlaròó àti Ìmẹ̀kọ bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ̀gbọ́n ń bẹ lápá kan, àbúrò ń bẹ lápá kejì. Ṣùgbọ́n epo àti ẹkùrọ́ kò ka ìwé. Ọ̀nà Àgbádárìgì àti Èkó tó ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ náà ló ń tọ̀, nítorí ọjà ibẹ̀ ló tà. Faransé wá rí i pé bí òun bá káwọ́ gbera, òun a ní ilẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì a máa jẹ èrè orí rẹ̀. Ni wọ́n bá la ojú irin láti Àjàṣẹ́, tí Faransé ń pè ní Porto-Novo, ó gba Ṣakẹ́tẹ́, ó sì dé Pobẹ̀ ní 1913. Ọ̀pẹ ni wọ́n tọ̀ lọ síbẹ̀. Ní 1922 wọ́n tún dá ibùdó ìwádìí ọ̀pẹ sílẹ̀ ní Pobẹ̀ yìí kan náà.

Ọdún tó tẹ̀ lé dídé ojú irin yẹn ni àwọn Ọ̀họ̀rí, àwọn tó ń gbé inú àbàtà nítòsí Pobẹ̀, kọ̀ fún Faransé tìjà-tìjà. Iṣẹ́ tipátipá ti sú wọn, owó orí ti sú wọn. Nígbà tí wọ́n tún ń kó ọ̀dọ́kùnrin lọ sójú Ogun Àgbáyé Kìíní, ọ̀pọ̀ ìdílé ló di ẹrù, tí wọ́n sá wá sápá ọ̀dọ̀ yín níbí. Epo ń wọkọ̀ lọ sí Àjàṣẹ́, ọlọ́pẹ ń fẹsẹ̀ rìn bọ̀ ní Ìlaròó.

Ó wá kan Gẹ̀ẹ́sì. Ojú irin Èkó ti dé Ìbàdàn láti 1901, Ìfọ̀ sì wà lórí rẹ̀. Láti Ìfọ̀ ni wọ́n ti ya ẹ̀ka kan sí ọwọ́ ìwọ̀ oòrùn, ó gba Ìlaròó, ó sì dé Ìdógò ní 1930. Ẹ mú máàpù Nàìjíríà sílẹ̀ fún àwọn ọmọ, kí wọ́n fi ìka wá ibi mẹ́ta: Kaura Namoda tí ojú irin dé ní 1929, Nguru tó dé ní 1930, àti Ìdógò ní ọdún yẹn kan náà. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kọjú sí ilẹ̀ Faransé, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sì dúró kí wọ́n tó kàn án. Ó dà bí ẹni tó gbé igbá tirẹ̀ sábẹ́ ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀ ilé aládùúgbò kí òjò tó dé. Wọn ò ní kí ẹnikẹ́ni kó kòkó tàbí ẹkùrọ́ wá láti òdìkejì o. Wọ́n kàn gbé téṣàn síbi tí ẹni tó bá fẹ́ kó o wá kò fi ní rìn jìnnà.

Faransé náà ò sì gbàgbé. Ẹ̀pà ilẹ̀ Niger pọ̀ tó ń gba Kánò wá sí Àpápá. Ní àwọn ọdún 1950, wọ́n ṣètò lọ́rì láti máa kó o wá sí Parakou ní Dahomey, ìyẹn Bẹ̀nẹ̀ òní, dípò, kí ojú irin wọn lè gbé e dé Kútọ̀nú. Nígbà tó di 1959, wọ́n dá àjọ kan sílẹ̀ tí Dahomey àti Niger jọ ni, òun ló ń bójú tó ojú irin náà. Ìjà a-jù-mí-a-jù-ọ́ lórí ẹrù ni gbogbo rẹ̀.

Ká tiẹ̀ ní wọ́n fẹ́ so ó pọ̀, ibi tí iṣẹ́ wa gan-an wà nìyí. Àárín irin méjì ti Nàìjíríà àtijọ́ jẹ́ mílímítà 1,067. Ti Dahomey jẹ́ 1,000 géérégé. Ìyàtọ̀ rẹ̀ ò ju fífẹ̀ ìka mẹ́rin lọ, ṣùgbọ́n ìka mẹ́rin yẹn tó láti dá ọkọ̀ dúró. Wágọ̀nù tó bá ti Ìdógò lọ, ẹsẹ̀ rẹ̀ kò ní wọlé sórí irin Pobẹ̀ láéláé. À á já gbogbo àpò sílẹ̀ ní bọ́dà, à á tún un gbé sínú òmíràn. Àwọn alábàárù nìkan ni ìbá dúpẹ́ lọ́wọ́ wa. Bẹ́ẹ̀, láti Pobẹ̀ sí Ìdógò, bí ẹyẹ bá fò ó tààrà, kò pé kìlómítà 40.

Ẹsẹ̀ ọmọ ènìyàn ló so ó pọ̀ ní tirẹ̀. Mo jókòó sídìí fèrèsé tíkẹ́ẹ̀tì ní Ìfọ̀ nígbà tí mo ṣì wà ní ọ̀dọ́, kí wọ́n tó gbé mi lọ sí Èbúté Mẹ́ta. Bí ọkọ̀ ẹ̀ka bá ti wọlé, kí èrò Ìdógò tó ya ẹnu ni mo ti ń dá wọn mọ̀, torí agbọ̀n wọn máa ń ga ju orí wọn lọ. Àwọn mìíràn nínú wọn, bí wọ́n bá kí ọ, wà á mọ̀ pé Ànàgó òdìkejì ni, wọ́n ti gba ọ̀nà oko wá láti àfẹ̀mọ́júmọ́. Ẹnikẹ́ni nínú wa kì í bi wọ́n pé bọ́dà dà. Ẹrù la máa ń bá wọn fà. Ẹrù tó bá ju ìwọ̀n lọ, ó gbọ́dọ̀ gun orí òṣùwọ̀n kó sì gba ìwé tirẹ̀. Obìnrin aládìẹ kan wà nínú wọn, bó bá ti gbé agbọ̀n rẹ̀ lé òṣùwọ̀n, á bẹ̀rẹ̀ sí í kí mi tìyá tìyá, ti ọmọ ti ọkọ. Abẹ́ ìkíni yẹn ni àtàǹpàkò ẹsẹ̀ rẹ̀ ti ń rọra ti ìdí agbọ̀n sókè lápá ọ̀hún. Abẹ́rẹ́ òṣùwọ̀n á lọ sókè, á tún fà sẹ́yìn. Ọ̀gá téṣàn wa ló máa ń yọ ọrùn wò ó láti ẹ̀yìn mi, á ní, "Ìyá, ẹ gbẹ́sẹ̀ kúrò, adìẹ yín ò mọ ìṣirò." Gbogbo wa á rẹ́rìn-ín, á sì san owó náà.

Lọ́rì ló wá pa ojú irin Ìdógò. Lọ́rì ń dé ẹnu ọ̀nà oko, ọkọ̀ ojú irin ń retí kí ẹ gbé ẹrù wá bá a. Nígbà tí ìjọba tú àwọn àjọ tó ń ra kòkó ká ní 1986, kò tún sí ọ̀gá kan ṣoṣo tó ní kí gbogbo kòkó gba ọ̀nà kan. Ojú irin tuntun tí wọ́n ṣí láàárín Èkó àti Ìbàdàn ní 2021 gba Papalanto àti Abẹ́òkúta kọjá, kò yà sọ́dọ̀ yín rárá. Àárín irin tiẹ̀ tún jẹ́ mílímítà 1,435, kò bá ti Ìdógò mu, kò bá ti Pobẹ̀ mu.

Ẹ kó àwọn ọmọ padà lọ o, olùkọ́. Ẹ mú rúlà àti àdá dání. Níbi tí irin bá ṣì wà, kí wọ́n wọn àárín rẹ̀ láti inú sí inú. Èyí tó bá ka 1,067 nínú wọn, kí ẹ bá mi ra bisikíìtì fún un.

ÌBÉÈRÈ: Ìyá wa, bí ojú irin bá jẹ́ ẹyọ kan ṣoṣo, kí ni kì í jẹ́ kí ọkọ̀ méjì kọ lu ara wọn? Kò sí fóònù alágbèéká láyé ìgbà yẹn. — *Akẹ́kọ̀ọ́, Abẹ́òkúta*

ÈSÌ: Ọmọ mi, idẹ kan báyìí ni. Roboto ni, orúkọ téṣàn méjì sì wà lára rẹ̀. Tábílẹ́ẹ̀tì là ń pè é nígbà tiwa, kí fóònù yín tó gba orúkọ náà. Dírẹ́bà tí kò bá ní i lọ́wọ́ kò gbọdọ̀ wọ àárín téṣàn méjèèjì yẹn, ì báà jẹ́ pé gómìnà ló gbé sẹ́yìn.

Ẹ̀rọ kan wà ní téṣàn kọ̀ọ̀kan tí àwọn idẹ náà ń gbé inú rẹ̀, wáyà ló so ẹ̀rọ ibí mọ́ ti ọ̀hún. Kí ọ̀kan tó lè jáde, ẹni tó wà níbí á lu aago, ẹni tó wà lọ́hùn-ún á dáhùn, á sì tẹ tirẹ̀ mọ́lẹ̀. Bí ọ̀kan bá ti jáde báyìí, ẹ̀rọ méjèèjì ti pa nìyẹn. O lè fi òòlù lù ú, kò ní yọ òmíràn fún ọ títí wọn á fi dá ti àkọ́kọ́ padà sínú ọ̀kan nínú wọn. Ìyẹn ni kò fi sí bí ọkọ̀ méjì ṣe lè ní i lẹ́ẹ̀kan náà.

Àpò awọ kékeré là ń kì í bọ̀, àpò yẹn rọ̀ mọ́ òrùka ńlá kan. Ọkọ̀ tí kò ní dúró á kàn rọra fà, ọkùnrin tiwa á na òrùka sókè, ẹni tó ń kó èédú sínú ẹ́ńjìnnì á ki apá bọ̀ ọ́ láti orí ọkọ̀, á sì ju ti àtẹ̀yìnwá sílẹ̀. Apá wọn máa ń wú. Mo rí ọ̀kan tó ń fi òrí pa á lálaalẹ́.

Ẹ̀ka kúkúrú tó bá parí síbi kan, bíi ti Ìdógò tí mo sọ lókè yìí, kò nílò ẹ̀rọ tó bẹ́ẹ̀. Ọ̀pá kan ṣoṣo ti tó fún irú rẹ̀. Ọkọ̀ tó bá mú ọ̀pá ló lọ; kó tó dá a padà, kò sẹ́ni tó tún lọ.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ó lòdì bí ènìyàn bá yọ lára irin àtijọ́ tó wà ní ẹ̀yìnkùlé rẹ̀? Kò sẹ́ni tó ń lò ó mọ́. — *Ẹ má dárúkọ mi*

ÈSÌ: O ti mọ̀ pé ó lòdì, òun ni o ò ṣe fẹ́ ká dárúkọ rẹ. Ohun ìní ìjọba ni. Fi í sílẹ̀.

ÌBÉÈRÈ: Nínú àpótí bàbá mi tó di olóògbé, mo rí páálí kékeré kan, ó le, kò gùn ju ìka lọ, nọ́ńbà wà lára rẹ̀. Ìyàwó mi ní tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ ojú irin ni. — *Láti Peckham, Lọ́ńdọ̀nù*

ÈSÌ: Ìyàwó yín gbọ́n. Tíkẹ́ẹ̀tì ni. Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò lójú oòrùn, ẹ ó rí déètì tí a tẹ̀ mọ́ ọn láìlo àwọ̀, bí ẹ bá fi ìka pa á ẹ ó mọ̀ ọ́n lára. Ẹ̀rọ irin kan wà lórí tábìlì wa tó ń ṣe é. Ẹ ó ki tíkẹ́ẹ̀tì bọ̀ ọ́, á ké "káá", ó parí.

Ọ̀dọ̀ yín lọ́hùn-ún ló ti wá o. Thomas Edmondson tó gbé e kalẹ̀ ń tọ́jú téṣàn kékeré kan lábúlé Milton nítòsí Carlisle, kò jìnnà sí bọ́dà Scotland, ní àwọn ọdún 1830. Ìdí nọ́ńbà yẹn nìyí: a kì í fo nọ́ńbà. Bí ọjọ́ bá parí, ẹ ó yọ nọ́ńbà àárọ̀ kúrò nínú ti ìrọ̀lẹ́, iye tó kù gbọ́dọ̀ bá owó inú dúróò mu. Mo mọ àwọn tí oorun ò kùn lójú wọn ní àwọn alẹ́ kan nítorí nọ́ńbà yẹn.

Bí ẹ bá wálé, ẹ mú un lọ sí ilé Jaekel nínú ọgbà rélùwéè ní Èbúté Mẹ́ta. Ilé 1898 ni, àwọn tó ń tọ́jú nǹkan àtijọ́ ti tún un ṣe, ẹ ó rí àwọn ẹgbẹ́ tíkẹ́ẹ̀tì yín níbẹ̀. Ẹ má fi ìsọ́ọ̀ kan án mọ́ ara ògiri.

ÌBÉÈRÈ: Mà, mo fẹ́ fojú ara mi rí Pobẹ̀. Ọ̀nà wo ló dáa jù láti Ìlaròó? Ọlọ́kadà kan ní òun á gbé mi gba inú igbó. — *Oníyàwòrán, Ọ̀tà*

ÈSÌ: Má gba inú igbó. Ọ̀nà fàyàwọ́ ni, bí ọwọ́ àwọn kọ́sítọ́ọ̀mù bá tẹ̀ ọ́ níbẹ̀, kámẹ́rà rẹ ni wọ́n á kọ́kọ́ bi ọ́ léèrè. Ìdírókò ni kí o gbà. Ìjọba ti gbogbo bọ́dà ilẹ̀ pa ní oṣù Kẹjọ 2019, ṣùgbọ́n wọ́n ti ṣí Ìdírókò padà láti oṣù Kẹrin 2022. Ọmọ ECOWAS ni ọ́, òfin 1979 fún ọ ní 90 ọjọ́ láìgba físà, ṣùgbọ́n mú pásípọ́ọ̀tù dání, kí o sì jẹ́ kí wọ́n lù ú ní òǹtẹ̀ níbí àti ní Ìgólò lápá Bẹ̀nẹ̀. Láti ibẹ̀, wọ mọ́tò Àjàṣẹ́, kí o tó wọ ti Ṣakẹ́tẹ́ àti Pobẹ̀. Yorùbá rẹ á gbé ọ dé ibi tó pọ̀ ní Pobẹ̀, ẹni tó dàgbà ni kí o sì bi ní ọ̀nà téṣàn. Ra séfà díẹ̀ sápò kí o tó kúrò ní Ìgólò, sì béèrè iye tí wọ́n ń ṣẹ́ ẹ lọ́wọ́ ẹni méjì ó kéré tán.