Kí ni ìtumọ̀ òpó tí àwọn Sakha ń rì síwájú ilé ní Yakutsk?

Ẹnìkan bi mí léèrè ìtumọ̀ àwọn òpó igi gbígbẹ́ tí ó rí nínú àwòrán ìlú Yakutsk, olú-ìlú ilẹ̀ Sakha ní Sìbéríà. Ó rí i pé wọ́n rì wọ́n síwájú ilé gbígbé, síwájú ilé ìjọba àti sí pápá àjọ̀dún, bẹ́ẹ̀ ni kò sí ẹṣin kan nítòsí tí ènìyàn ìbá sọ pé wọ́n fẹ́ so. Ó ní ẹni tí òun kọ́kọ́ bi sọ pé wọ́n fi ń wọn bí òjò dídì ṣe ga tó ni, ẹlòmíràn sì ní òrìṣà ni, pé àwọn ará ibẹ̀ a máa forí balẹ̀ fún un. Àlàyé méjèèjì bí mi nínú, n kò sì ní fi bò. Ẹni àkọ́kọ́ kò mọ ojú ọjọ́ ibẹ̀ rárá, ẹni kejì kò sì bi onílé léèrè kí ó tó máa sọ ohun tí onílé ń sìn.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ mú ti òjò dídì kúrò lọ́nà. Òtútù Yakutsk le, kò sí iyèméjì níbẹ̀. Ní oṣù Kejì ọdún 1891, wọ́n ka ìwọ̀n 64.4 sísàlẹ̀ òdo lórí òṣùwọ̀n Celsius ní ìlú náà, kò sì ṣàjèjì kí oṣù Kínní mú òtútù tí ó kọjá ìwọ̀n 40 sísàlẹ̀ òdo wá. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ gbígbẹ ni. Bí a bá pa òjò àti òjò dídì odidi ọdún kan pọ̀ níbẹ̀, wọn kò tó mílímítà 250. Òjò dídì tí ó bá balẹ̀ kì í pọ̀, kì í sì í wúwo, ìdí nìyẹn tí ẹṣin àwọn Sakha fi ń gbé ìta láti ìbẹ̀rẹ̀ ìgbà òtútù títí dé òpin rẹ̀, tí wọ́n ń fi pátákò wa òjò dídì kúrò lórí koríko kí wọ́n tó jẹun. Bí òjò dídì ibẹ̀ bá ga débi tí ènìyàn yóò fi nílò òpó láti wọ̀n ọ́n, ebi ìbá ti pa àwọn ẹṣin wọ̀nyí kú tipẹ́, kò sì sí bí àwọn Sakha ṣe ìbá wà ní ilẹ̀ náà láìsí wọn.

Serge ni wọ́n ń pe òpó náà, òpó ìso-ẹṣin sì ni. Igi larch, tí ó pọ̀ nínú igbó ibẹ̀ tí kì í sì í tètè jẹrà, ni wọ́n sábà máa ń gbẹ́ ẹ. Wọ́n a gé oríṣiríṣi ọ̀nà yí ara rẹ̀ ká, wọn a sì gbẹ́ orí rẹ̀ bí orí ẹṣin, tàbí bí choron, ìyẹn ife igi ẹlẹ́sẹ̀ tí wọ́n fi ń mu kumis, wàrà abo ẹṣin tí a mú kan. Ilé tí ó bá dúró dáadáa láyé àtijọ́ kì í ní ẹyọ kan ṣoṣo, mẹ́ta ni a sábà máa ń rí níwájú irú ilé bẹ́ẹ̀. Ibi tí wọ́n bá ní kí àlejò so ẹṣin rẹ̀ mọ́ ni yóò fi mọ irú ojú tí onílé fi ń wo òun. Kò sí ẹni tí í dédé wá so ẹṣin mọ́ èyí tí ó wù ú.

N kò kọ́ èyí láti inú fídíò ìṣẹ́jú kan. Nígbà tí mo ń kẹ́kọ̀ọ́ ní Soviet Union, ọmọ Sakha kan ni a jọ ń gbé yàrá ní ilé àwọn akẹ́kọ̀ọ́, a sì máa ń sọ̀rọ̀ ilé wa fún ara wa di òru. Ó sọ fún mi pé serge kan wà ní àgbàlá bàbá òun tí baba-ńlá òun bá níbẹ̀, tí ó ti tẹ̀, tí orí rẹ̀ sì ti là, ṣùgbọ́n tí ẹnikẹ́ni kò jẹ́ fọwọ́ kàn láti hú. Mo bi í pé kí ló dé tí wọn kò fi tuntun rọ́pò rẹ̀. Ó wò mí bí ẹni tí mo sọ ọ̀rọ̀ àlùfànṣá sí, ó ní a kì í hú serge, a kì í gé e, ọjọ́ tí ó bá wù ú láti wó ni yóò wó fúnra rẹ̀. Tuntun ni a máa rì sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Bí ọmọ ilé bá gbéyàwó, wọ́n lè rì ti ìdílé tuntun náà. Nítorí náà, ẹni tí ó bá mọ̀ ọ́n kà yóò wo àgbàlá kan, yóò sì mọ bí ìdílé náà ti pẹ́ tó lórí ilẹ̀ náà.

Ní ti ọ̀rọ̀ òrìṣà, òótọ́ ni pé wọ́n bọ̀wọ̀ fún un. Àwọn Sakha gbà pé ayé mẹ́ta ló wà: ayé òkè níbi tí àwọn aiyy, àwọn ẹni ìmọ́lẹ̀, ń gbé, ayé àárín tí ó jẹ́ ti ènìyàn, àti ayé ìsàlẹ̀ tí ó jẹ́ ti àwọn ẹ̀mí búburú. Nínú ìtàn wọn, igi ńlá kan tí ń jẹ́ Aal Luuk Mas ló so mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀, wọ́n sì máa ń sọ pé serge dúró gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ igi yẹn. Nígbà àjọ̀dún, wọ́n gbà pé àwọn ẹni òkè náà a máa gun ẹṣin wá, wọn a sì nílò ibi tí wọn yóò so ó mọ́. Ẹ kíyè sí i: àwọn tí wọ́n ń gbàdúrà sí ni yóò so ẹṣin mọ́ òpó náà, òpó náà fúnra rẹ̀ kọ́ ni wọ́n ń gbàdúrà sí.

Níbi tí mo ti yàtọ̀ sí ọ̀pọ̀ àwọn tí ń ṣàlàyé serge ni pé èmi kò kà á sí ọ̀rọ̀ ẹṣin tàbí ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn ṣáájú ohun gbogbo. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ni. Ẹni tí ó rì í ń sọ pé òun ni onílé níbí, pé ẹni yòówù tí ó bá dé, ìbáà ṣe ènìyàn tàbí ẹ̀mí, àlejò òun ni, àti pé ìgbà tí òun bá gbà fún un ni yóò so okùn ẹṣin rẹ̀ mọ́ igi òun. Okùn àlejò lára igi onílé ni àdéhùn tí ó wà láàárín àwọn méjèèjì. Bí a bá fi èyí sọ́kàn, ìtàn ìlú Yakutsk láti ìpìlẹ̀ rẹ̀ yóò yé wa ju bí ìwé ilé-ìwé ṣe ń sọ ọ́ lọ.

Ẹ wo bí ilẹ̀ náà ti rí. Etí òsì odò Lena ni ìlú náà wà, nǹkan bí kìlómítà 450 sí gúúsù ìlà Arctic, nínú pẹ̀tẹ́lẹ̀ gbọọrọ kan tí ń jẹ́ Tuymaada. Òkè ló wà ní ìwọ̀-oòrùn rẹ̀, òkè Chochur Muran tí àwọn Sakha kà sí mímọ́ sì wà lára wọn. Odò tí ó fẹ̀ tó kìlómítà mélòó kan, tí erékùṣù kún inú rẹ̀, ló wà ní ìlà-oòrùn. Igbó ló yí pẹ̀tẹ́lẹ̀ náà ká títí, ṣùgbọ́n pápá koríko àti adágún ni inú rẹ̀. Fún àwọn Sakha, tí wọ́n ti gúúsù wá, láti agbègbè adágún Baikal, pẹ̀lú èdè tí ó bá ti àwọn Turkey tan, àti pẹ̀lú ẹṣin àti màlúù, pápá yìí ni ìyè. Wọ́n ní Elley, ọ̀kan nínú àwọn baba-ńlá wọn, ló ṣe àjọ̀dún Ysyakh àkọ́kọ́ níbẹ̀, tí ó sì kọ́kọ́ rì serge. Etí adágún Saysary, tí ó wà nínú ìgboro Yakutsk lónìí, ni ìtàn fi Tygyn sí, olórí àwọn Kangalas, ìran kan lára àwọn Sakha, tí òkìkí rẹ̀ kàn jù nígbà tí àwọn ará Rọ́ṣíà dé.

Ìtàn kan wà tí àwọn Sakha ń pa nípa bí ìlú náà ṣe bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ní àwọn àjèjì olójú búlúù méjì kan dé ọ̀dọ̀ Tygyn, wọ́n ní kí ó gba àwọn ṣe òṣìṣẹ́. Ó gbà wọ́n, wọ́n sì ṣiṣẹ́ bí ẹni tí kò mọ àárẹ̀. Lọ́jọ́ kan, wọ́n kan ọkọ̀ ojú omi, wọ́n bá tirẹ̀ lọ. Nígbà tí ó pẹ́, wọ́n padà pẹ̀lú ọ̀pọ̀ ènìyàn, wọ́n sì bẹ Tygyn pé ilẹ̀ tí kò ju awọ màlúù kan lọ péré ni àwọn ń tọrọ. Ta ni yóò fi ìwọ̀nba ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ du àlejò? Ó yọ̀ǹda fún wọn. Ni wọ́n bá fi ọ̀bẹ la awọ náà sí okùn tẹ́ẹ́rẹ́, wọ́n gbá èèkàn mọ́lẹ̀, wọ́n sì fa okùn náà láti èèkàn dé èèkàn títí ó fi yí ilẹ̀ gbàǹgbà ká, orí rẹ̀ ni wọ́n sì kọ́ odi wọn sí. Àwọn onímọ̀ tí wọ́n gbọ́ ìtàn yìí máa ń yára sọ pé irú rẹ̀ wà ní ilẹ̀ púpọ̀, wọn a sì fi í sílẹ̀ lọ. Òótọ́ ni pé irú rẹ̀ wà níbòmíràn. Ṣùgbọ́n ẹ rò ó bí ẹni tí ó ní serge níwájú ilé yóò ṣe gbọ́ ọ. Okùn lára igi ni àmì pé àlejò gba onílé gbọ́, tí onílé sì gbà á. Àwọn wọ̀nyí mú igi tiwọn wá, wọ́n so okùn tiwọn mọ́ ọn, wọ́n sì fi onílé sí ẹ̀yìn okùn. Lójú tèmi, ibi tí ìtàn náà ti dùn wọ́n jù nìyẹn, ìdí sì nìyẹn tí wọn kò fi gbàgbé rẹ̀.

Ohun tí àkọsílẹ̀ ìjọba sọ kò fi bẹ́ẹ̀ jìnnà sí i. Ní ọdún 1632, Pyotr Beketov, ará Rọ́ṣíà, àti àwọn jagunjagun Kọ́sákì rẹ̀ fi igi kọ́ odi kan sí etí ọ̀tún odò Lena, ní apá ìsàlẹ̀ odò. Omíyalé kò jẹ́ kí wọ́n gbádùn ibẹ̀, wọ́n sì kó odi náà wá sí Tuymaada ní nǹkan bí ọdún 1643. Wọ́n ń gba ìṣákọ́lẹ̀ awọ ẹran, pàápàá ti sable, ẹranko kékeré tí irun rẹ̀ níye lórí púpọ̀. Nígbà tí gómìnà Golovin sì ní kí wọ́n ka ènìyàn àti ẹran ọ̀sìn wọn, àwọn Sakha ṣọ̀tẹ̀ ní ọdún 1642, wọ́n sì jìyà rẹ̀ gidigidi. Láti ìlú yìí ni àwọn Kọ́sákì ti tú ká lọ sí ibi jíjìnnà: Poyarkov lọ sí odò Amur ní ọdún 1643, Dezhnev tí ó fi ibẹ̀ ṣe ibùdó, tí ó sì fẹ́ obìnrin Sakha, sì la ojú omi tí ó wà láàárín Éṣíà àti Amẹ́ríkà kọjá ní ọdún 1648. Odi igi náà kò sí mọ́. Ilé-ìṣọ́ rẹ̀ kan ṣoṣo tí ó kù láti ọ̀rúndún kẹtàdínlógún jóná ní ọdún 2002, èyí tí ènìyàn ń rí níbẹ̀ báyìí sì jẹ́ àwòkọ́ṣe rẹ̀.

Ẹni tí ó bi mí léèrè fi kún un pé òun gbọ́ pé serge ni wọ́n wò tí wọ́n fi ń kọ́ ilé alájà púpọ̀ sórí òpó kọnkéré ní Yakutsk. Rárá o. Ilẹ̀ dídì ló fa ìyẹn. Fyodor Shergin, òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ òwò kan, bẹ̀rẹ̀ sí í gbẹ́ kànga ní ìlú náà ní ọdún 1828, ó ń wá omi. Nígbà tí ó fi di ọdún 1837, kànga náà ti jìn ju mítà 116 lọ, ilẹ̀ dídì sì ni títí dé ìdí. Ìgbà tí Middendorff, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì, wá fi òṣùwọ̀n ooru sínú kànga yẹn ní ọdún 1844 ni ayé tó gbà pé ilẹ̀ lè dì jìn tó bẹ́ẹ̀. Bí ilé bá jókòó lé irú ilẹ̀ yìí, ooru inú rẹ̀ yóò yọ́ yìnyín tí ó wà nísàlẹ̀, ilé náà yóò sì tẹ̀. Nítorí náà ni wọ́n ṣe ń gbé ilé sókè lórí òpó, kí afẹ́fẹ́ òtútù lè máa gba abẹ́ rẹ̀ kọjá. Ọ̀rọ̀ ìmọ̀ ẹ̀rọ nìyẹn, kò kan àṣà.

Ohun tí ó ń dùn mí ni bí ìtumọ̀ serge ṣe ń fúyẹ́. Lábẹ́ ìjọba Soviet, wọ́n fi Ysyakh sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ọjọ́ eré àti ìdíje, wọ́n gé àdúrà kúrò nínú rẹ̀. Lẹ́yìn ọdún 1990 ni wọ́n dá a padà bí àjọ̀dún ìjọba, wọ́n sì ń ṣe é ní oṣù Kẹfà, nígbà tí ojú oòrùn máa ń wà lókè fún nǹkan bí wákàtí 20 lójúmọ́. Inú mi dùn sí i. Ṣùgbọ́n púpọ̀ nínú àwọn tí wọ́n wá láti ìlú òkèèrè ń fara ti serge ya àwòrán láìbéèrè pé ta ló rì í, àwọn ọ̀dọ́ kan nínú ìlú sì ń ṣe bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú. Ìlú tí ó ní ènìyàn tí ó lé ní 350,000 kò lè máa so ẹṣin níwájú ilé mọ́, n kò bá wọn jà lórí ìyẹn. Kí àgbà ilé má sọ fún ọmọ pé òpó yìí ni ó fi hàn pé ìdílé wa ni onílé ni mo kà sí àṣìṣe ńlá.

Ní ti èyí tí ó wà níwájú àwọn ilé ìjọba, bákan náà ni mo ṣe kà á. Ibùjókòó ìjọba ni Yakutsk jẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó dá ìpínlẹ̀ olómìnira Sakha abẹ́ Soviet sílẹ̀ ní ọdún 1922, àwọn aṣojú tí olú-ìlú òkèèrè ń rán wá ló sì máa ń jókòó níbẹ̀. Nígbà tí àwọn Sakha bá rì serge síwájú irú ilé bẹ́ẹ̀ lónìí, ohun tí wọ́n ń sọ fún ẹni tí ó bá wọlé kò yàtọ̀ sí èyí tí baba-ńlá ọ̀rẹ́ mi ń sọ ní àgbàlá rẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ rí i bí wọ́n ṣe ń lò ó gan-an, kí ó lọ sí pápá Us Khatyn lẹ́bàá ìlú náà nígbà Ysyakh, níbi tí alálgys, ẹni tí ń ṣe ìwúre, yóò ti wọ́n kumis sí iná àti sí ilẹ̀, tí àwọn ènìyàn yóò sì ti dì mọ́ra wọn lọ́wọ́ jó ijó ohuokhai yípo bí oòrùn ṣe ń yí. Bí ó bá fẹ́ sún mọ́ serge tí ó wà níbẹ̀, kí ó kọ́kọ́ tọrọ àyè lọ́wọ́ àgbà tí ó bá wà nítòsí.