Ọmọ tí ẹ kọ gbólóhùn kan péré nípa ẹ̀

Màmá kan kọ̀wé sí mi láti Ìkọ̀lé. Ọmọkùnrin wọn, ọmọ ọdún 26, ti parí ND látọdún mẹ́ta, kò ṣiṣẹ́, kò padà lọ ṣe HND, fóònù ló ń tẹ̀ mọ́jú. Wọ́n fẹ́ yáwó lọ́dọ̀ alájẹṣẹ́kù ra ọ̀kadà fún un, wọ́n ní ṣé ó dáa.

Màmá, ẹ jẹ́ kí ọ̀kadà dúró ná. Nísàlẹ̀ lẹ́tà yín lẹ ti sáré kọ ọ́ pé àbúrò ẹ̀ obìnrin, ọmọ ọdún 19, ló ń bá yín ru iṣu lọ sọ́jà, pé ó ṣe JAMB lọ́dún tó kọjá, ó yege, àmọ́ ẹ ní kó ṣì mú sùúrù kí ẹ̀gbọ́n ẹ̀ fẹsẹ̀ múlẹ̀. Gbólóhùn kan! Ọmọkùnrin gba odidi ojú ewé méjì.

Sùúrù dìgbà wo? Ṣé ẹ mọ̀ pé èsì JAMB ò kọjá ọdún kan? Èyí tó yege yẹn ti jóná nìyẹn, á tún ra fọ́ọ̀mù, á tún jókòó ìdánwò. Owó tó sì ń rí lórí iṣu ńkọ́? Ẹ̀yin náà lẹ kọ ọ́, dátà ẹ̀gbọ́n ẹ̀ lẹ fi ń rà. Ẹni tó ń jí láago márùn-ún ló ń ra dátà fún ẹni tó ń sùn láago márùn-ún. Háà!

Irú lẹ́tà yìí ti sú mi, láti Adó, láti Ìjerò, àwa tá a fi ìwé yangàn ní Èkìtì yìí o, ilé tí wọ́n bá ti ń pariwo pé ọkùnrin ló máa jẹ́ orúkọ bàbá ẹ̀, ẹ wò ó dáadáa, obìnrin kan wà ní kọ̀rọ̀ tó ń sanwó ẹ̀.

Ọ̀kadà? Rárá. Ṣé òun ló ní òun fẹ́ gùn ún ni? Mi ò rí i kà. Kó bá yín ru iṣu lọ sọ́jà, ṣebí ó ń jẹyán, kó sì wá owó dátà ẹ̀ fúnra ẹ̀. Tó bá jẹ́ pé ìbànújẹ́ ló dè é mọ́lẹ̀, ọsibítù ni mi ò bá ní kẹ́ ẹ mú un lọ, àmọ́ ẹ ní ẹ̀rín òun àtàwọn ọ̀rẹ́ ẹ̀ ni kì í jẹ́ kẹ́ ẹ sùn. Tó bá sì ń ro HND, kó yáa tètè o, ẹni tó bá ti lé ní 30 kó tó jáde, kò sí àgùnbánirọ̀ fún un mọ́.

Tẹ́ ẹ bá máa yáwó náà, fọ́ọ̀mù JAMB ọmọbìnrin yẹn ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ fi rà. Ẹ má sì kó owó ọ̀hún fún ẹ̀gbọ́n ẹ̀ pé kó bá a rà á wá o.