Ẹ má dúró kí wọ́n já yín kí ẹ tó fẹ̀sùn kàn

Ọ̀gá mi, mo ka ìbéèrè yín. Ilé ìwòsàn ìjọba àpapọ̀ kan ń wá ẹni tí yóò máa kó pàǹtí wọn. Wọ́n ní ìwé àṣẹ àyíká ẹni tó bá fẹ́ du iṣẹ́ náà gbọ́dọ̀ ti pé ọdún méjì, tiyín ò sì tíì pé oṣù mẹ́jọ. Ẹ ní ẹ ó du iṣẹ́ náà bẹ́ẹ̀, tí wọ́n bá já yín, ẹ ó gba kóòtù lọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dán an wò. Ohun tí èmi ṣe gan-an nìyẹn, gbèsè lọ́yà ni mo sì fi kọ́gbọ́n.

Iṣẹ́ pàǹtí lèmi náà ń ṣe: abẹ́rẹ́, báńdéèjì, àpò ẹ̀jẹ̀. Mo rí ìpolówó nínú ìwé ìròyìn, mo sì mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ilé iṣẹ́ kan ṣoṣo ni ọdún méjì yẹn bá mu ní agbègbè wa. Inú bí mi, ṣùgbọ́n mo ní kí n kọ́kọ́ fi bíìdì, ìwé tí mo fi du iṣẹ́ náà, sílẹ̀ ná. Wọ́n tú àpò ìwé, wọ́n ka orúkọ mi sókè, lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan ni lẹ́tà dé pé mi ò yege. A gba Ilé Ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀ lọ. Ẹ̀rí mi kún fáìlì méjì. Adájọ́ ò ṣí ọ̀kankan. Ohun tó béèrè ni pé, ṣé a kọ́kọ́ kọ̀wé sí ọ̀gá ilé iṣẹ́ ìjọba tó polówó iṣẹ́ náà? Ọjọ́ wo? Ẹ̀dà tí wọ́n lù lóǹtẹ̀ dà? Mo kọ lẹ́tà lóòótọ́, àmọ́ ẹ̀yìn tí wọ́n já mi ni, géètìmáànù ni mo sì fún, torí wọ́n ní akọ̀wé tó ń gba lẹ́tà ti lọ jẹun. Ibẹ̀ ni ẹjọ́ wa parí sí.

Public Procurement Act ti 2007, òfin bí ìjọba ṣe ń gbé iṣẹ́ síta, ló de iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀. (Tó bá jẹ́ iṣẹ́ ìpínlẹ̀ ni, òfin ìpínlẹ̀ yẹn ni kí ẹ lọ wò.) Abala 54 ni kí ẹ kà kí ẹ tó sùn lálẹ́ yìí. Ọ̀gá pátápátá ilé ìwòsàn náà lẹ máa kọ̀wé ẹ̀sùn sí láàárín ọjọ́ iṣẹ́ 15. Òun náà ní ọjọ́ iṣẹ́ 15 láti fèsì. Tó bá dákẹ́, tàbí tí èsì rẹ̀ ò tẹ́ yín lọ́rùn, ẹ ní ọjọ́ iṣẹ́ 10 láti gbé e dé BPP l'Ábújá, àjọ tó ń ṣọ́ bí ìjọba àpapọ̀ ṣe ń gbé iṣẹ́ síta, BPP sì ní ọjọ́ iṣẹ́ 21 láti dá a lẹ́jọ́. Ẹ̀yìn ìyẹn ni kóòtù ṣẹ̀ṣẹ̀ kàn, láàárín 30 ọjọ́.

Ibi tó mú mi rèé: ọjọ́ 15 àkọ́kọ́ yẹn, láti ọjọ́ tí ẹ mọ̀, tàbí tó yẹ kí ẹ ti mọ̀, ni wọ́n ti ń kà á. Inú ìpolówó ni ọdún méjì yẹn wà, ta ni yóò gbà pé ẹ ò rí i? Òfin kan náà ní ó kéré tán ọ̀sẹ̀ mẹ́fà gbọ́dọ̀ wà láàárín ìpolówó àti ọjọ́ tí bíìdì máa wọlé. Ọjọ́ iṣẹ́ 15, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta péré ni. Ẹ ṣì ń sáré ìwé owó orí àti ti PenCom, àjọ owó ìfẹ̀yìntì, kiri nígbà tí ilẹ̀kùn ẹ̀sùn ti tì.

Ẹ má sì bá wọn jà pé wọ́n béèrè ìwé àṣẹ o. Láti ìgbà tí wọ́n ti kó pàǹtí olóró láti Ítálì wá dà sí Koko, ìlú kan tó wà ní Ìpínlẹ̀ Delta báyìí, ní 1988, n ò rò pé adájọ́ kan máa fojúure wo ẹni tó ní òun fẹ́ kó pàǹtí láìsí ìwé. Ọdún méjì yẹn nìkan ni kí ẹ dì mú. Ìwé tí NESREA, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń ṣọ́ àyíká, fún yín lónìí, kí ló dé tí ò tó láti ṣiṣẹ́ lónìí?

Nígbà kejì tí irú ẹ̀ ṣẹlẹ̀, ọjọ́ iṣẹ́ kẹfà ni mo gbé lẹ́tà lọ fúnra mi, ẹ̀dà mẹ́ta. Akọ̀wé ò sí níjòókòó, wọ́n ló lọ kírun. Mo jókòó sórí bẹ́ǹṣì títí ó fi dé, ó lu òǹtẹ̀, mo ní kó fi báírò kọ déètì sí i kí n tó dìde. Wọn ò fèsì. Mo gbé e lọ sí BPP. Ìyẹn gan-an tún ní àǹfààní tiẹ̀, torí òfin ní kí BPP dá iṣẹ́ náà dúró títí wọn yóò fi yanjú ẹ̀sùn. Ní kóòtù, ẹ̀bẹ̀ ọ̀tọ̀ lẹ máa fi tọrọ ìyẹn. Kí BPP tó sọ̀rọ̀, ilé iṣẹ́ ìjọba tó polówó iṣẹ́ náà fúnra wọn yọ ọdún méjì kúrò. Mo ti ń múra bíìdì mi lọ ní gbogbo àkókò yẹn, torí ẹ̀sùn kì í rọ́pò bíìdì. Ẹlòmíràn ló padà gba iṣẹ́ náà, iye tirẹ̀ kéré sí tèmi. Ìyẹn ò dùn mí tó ti àkọ́kọ́.

Ìpolówó tiyín, ọjọ́ wo ló jáde?