Ṣé ìtàn kan ṣoṣo ni “Bestiario” ti Julio Cortázar, àbí àkójọpọ̀ ìtàn kéékèèké?

Àkójọpọ̀ ìtàn kéékèèké 8 ni. Cortázar, òǹkọ̀wé ọmọ Ajẹntínà, ló kọ ọ́, ó sì jáde ní Buenos Aires lọ́dún 1951. Ìtàn kọ̀ọ̀kan dá dúró. Ohun tó máa ń rú èèyàn lójú ni pé èyí tó gbẹ̀yìn nínú wọn náà ń jẹ́ “Bestiario”: ọmọdébìnrin kan lọ lo ìgbà ọlidé nínú ilé tí ẹkùn kan ti ń rìn fàlàlà láti yàrá dé yàrá, tí àwọn ará ilé sì máa ń béèrè ibi tó wà kí wọ́n tó wọ yàrá kankan.

Nínú àwọn ìtàn náà, “Casa tomada” (“Ilé Tí Wọ́n Gbà”) ló gbajúmọ̀ jù. Ó ti kọ́kọ́ jáde lọ́dún 1946 nínú ìwé ìròyìn tí Jorge Luis Borges, òǹkọ̀wé ọmọ Ajẹntínà mìíràn, jẹ́ olóòtú rẹ̀. Ọkùnrin kan àti Irene, arábìnrin rẹ̀, ń gbé nínú ilé ńlá tí wọ́n jogún. Wọ́n gbọ́ ariwo, wọ́n ti ilẹ̀kùn, wọ́n fi apá kan ilé sílẹ̀. Nígbà tí ariwo dé ọ̀dọ̀ wọn, wọ́n sá bọ́ síta. Aṣọ tí Irene ń hun ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀, fọ́nrán òwú rẹ̀ gba abẹ́ ilẹ̀kùn, ìdì òwú sì ti kù sínú ilé. Cortázar kò sọ ẹni tó gba ilé náà, ibẹ̀ gan-an sì ni agbára ìtàn yìí wà.

Kì í ṣe gbogbo ìtàn inú ìwé náà ló ní ohun àràmàǹdà o. Nínú “Circe”, aáyán inú ṣokoléètì ló ń dẹ́rù bani.